Iṣẹ́ Tó Wà Lára Takamine Hideko

Nínú fíìmù kan tí Naruse Mikio darí ní ọdún 1960, obìnrin kan wà tó máa ń gun àtẹ̀gùn lálaalẹ́. Keiko ni orúkọ rẹ̀. Opó ọmọ ọgbọ̀n ọdún ni, ó sì ń bójú tó ilé ọtí kékeré kan ní àdúgbò Ginza ní Tokyo, níbi tí àwọn ọkùnrin olówó ti máa ń wá mu ọtí kí àwọn obìnrin tó múra dáadáa lè máa bá wọn tàkúrọ̀sọ. Òkè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì ni ilé ọtí náà wà. Ohùn Keiko fúnra rẹ̀ sọ fún wa pé kò sí ohun tí òun kórìíra tó àtẹ̀gùn yẹn, àmọ́ bí òun bá ti gùn ún tán, ohunkóhun tí alẹ́ ọjọ́ náà bá gbé wá, òun á fara mọ́ ọn.

Ẹ wo ẹsẹ̀ rẹ̀. Kimono kì í jẹ́ kí obìnrin la ẹsẹ̀, nítorí náà ìgbésẹ̀ kéékèèké ló ń gbé. Takamine Hideko, tó ṣe Keiko, kò wọ́ ẹsẹ̀ bí ẹni tí ìyà ń jẹ. Kò mí kanlẹ̀, kò dúró sáàrin ọ̀nà kó máa ronú kí àwa tí à ń wò ó lè káàánú rẹ̀. Ó kàn ń gùn ún ni. Ó ti gùn ún lánàá, yóò gùn ún lọ́la. Nígbà tí ilẹ̀kùn bá sì ṣí, ẹ̀rín ti wà lójú rẹ̀, ẹ̀rín tí kò dé inú ojú ṣùgbọ́n tí kò sí oníbàárà kan tó lè fẹ̀sùn kàn án pé kì í ṣe ẹ̀rín.

Takamine fúnra rẹ̀ ló bójú tó aṣọ inú fíìmù náà, èyí kò sì yà mí lẹ́nu. Keiko jẹ gbèsè, ìyá àti ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ń béèrè owó lọ́wọ́ rẹ̀, síbẹ̀ kò lè ṣe kó má ra kimono tuntun, kò sì lè ṣe kó má gbé inú ilé tó dára, torí pé bí oníbàárà bá ti fura pé nǹkan ò ṣẹnuure fún un, ọjà ti bàjẹ́ nìyẹn. Irinṣẹ́ ni aṣọ yẹn jẹ́. Bí Takamine ṣe ń wọ̀ ọ́ nìyẹn, bí oníṣẹ́ ṣe ń wọ aṣọ iṣẹ́: ó mọ ibi tó yẹ kí ọ̀rùn rẹ̀ hàn dé, ó mọ bí a ṣe ń jókòó tí kò fi ní kákò.

Àwọn tó ń yin òṣèré pé onírúurú eré ló mọ̀ ọ́n ṣe sábà máa ń wo ìpara ojú, ohùn tó yí padà àti ara tó sanra tàbí tó gbẹ. Ti Takamine kò rí bẹ́ẹ̀. Ojú kan náà ló gbé kiri fún àádọ́ta ọdún: ojú róbótó, ẹ̀rẹ̀kẹ́ tó kún díẹ̀, ètè tó jọ ti ẹni tó fẹ́ jiyàn ṣùgbọ́n tó gbà láti dákẹ́. Ohun tó máa ń yí padà ni iṣẹ́ tó wà lọ́wọ́ obìnrin náà. Ó ti ṣe agbowó ọkọ̀, olùkọ́, oníjó, aránṣọ, oníṣọ́ọ̀bù, ìyàwó ọkùnrin tó ń ṣọ́ iná atọ́nà ọkọ̀ ojú omi. Ó máa ń kọ́kọ́ wá bí iṣẹ́ yẹn ṣe ń gbé léjìká, ní ọrùn ọwọ́, ní ẹ̀yìn, kí ìwà àti ìbànújẹ́ tó wá bá a níbẹ̀. Mo gbà pé ibẹ̀ ni ọgbọ́n rẹ̀ pátá wà. Mo sì gbà pé kì í ṣe ilé ẹ̀kọ́ kankan ló ti kọ́ ọ.

Ọjọ́ 27 oṣù kẹta ọdún 1924 ni wọ́n bí i ní Hakodate, ìlú èbúté ní Hokkaido, lókè àríwá Japan. Ìyá rẹ̀ kú nígbà tó ṣì kéré gan-an, arábìnrin bàbá rẹ̀ ló sì gbà á tọ́. Obìnrin yìí ti fìgbà kan ṣiṣẹ́ nílé sinimá láyé ìgbà tí fíìmù kò tíì ní ohùn, tí ẹnì kan ní láti dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ aṣọ funfun kó máa fẹnu sọ ìtàn náà fún èrò. Orúkọ tó fi ń ṣe iṣẹ́ náà ni Takamine Hideko. Orúkọ yẹn ni ọmọ náà jogún. Ní 1929, nígbà tó jẹ́ ọmọ ọdún márùn-ún, wọ́n mú un lọ sí ilé-iṣẹ́ Shochiku ní Kamata, wọ́n yàn án láti ṣe ọmọ nínú fíìmù kan, kò sì tún sinmi mọ́. Ìgbà mìíràn ọmọbìnrin ni wọ́n fi í ṣe, ìgbà mìíràn ọmọkùnrin. Kò rí ilé ìwé lọ déédéé. Owó ọwọ́ rẹ̀ ló ń bọ́ ilé, nígbà tó yá ó tún ń bọ́ ẹbí tó ti Hakodate wá. Ọmọ tó ti ń gba owó oṣù kó tó mọ̀wé kà kò ní ṣòro fún un láti mọ bí àárẹ̀ iṣẹ́ ṣe ń rí lára àgbàlagbà.

A lè rí i nígbà tó wà lọ́mọ ọdún méje, nínú fíìmù Ozu Yasujiro tó jáde ní 1931, Tokyo no kōrasu. Bàbá ti pàdánù iṣẹ́. Ọmọ ti dùbúlẹ̀ àìsàn nílé ìwòsàn, ó ti padà sílé, ìyá sì ṣí àpótí aṣọ, ó bá a lófìfo: ọkọ rẹ̀ ti ta àwọn kimono rẹ̀ san owó ilé ìwòsàn. Bàbá kó àwọn ọmọ jọ, wọ́n jókòó yíká, wọ́n ń ṣeré àtẹ́wọ́. Ìyá dara pọ̀ mọ́ wọn, ojú rẹ̀ kún fún omijé. Ọmọ yẹn kò gbọ́dọ̀ mọ nǹkan kan, ó kàn gbọ́dọ̀ máa pàtẹ́wọ́ kó sì máa gbádùn eré. Ọ̀pọ̀ ọmọdé tó ń ṣe fíìmù ló máa ń yọ́jú wo kámẹ́rà tàbí kí wọ́n fi ẹ̀rín sọ fún wa pé wọ́n mọ ohun tó ń lọ. Takamine kàn ń pàtẹ́wọ́ tirẹ̀ ni, ìbànújẹ́ àwọn òbí wá ń kọjá lókè orí rẹ̀.

Ọdún mẹ́wàá lẹ́yìn náà ni òun àti Naruse kọ́kọ́ pàdé lẹ́nu iṣẹ́, nínú fíìmù kúkúrú kan nípa agbowó ọkọ̀ bọ́ọ̀sì ní agbègbè Kōfu. Wọ́n fi orúkọ Hideko fúnra rẹ̀ sí àkọlé rẹ̀, torí pé gbogbo Japan ló ti mọ̀ ọ́n. Bọ́ọ̀sì náà ti gbó, èrò kì í wọ̀ ọ́. Ọmọbìnrin yìí ronú pé bí òun bá ń ṣàlàyé ìtàn àwọn ibi tí ọkọ̀ ń gbà kọjá fún èrò, ọjà á yá. Ó kọ́ ọ̀rọ̀ náà sórí, ó ń fi ohùn tó mọ́ gaara sọ ọ́, ó ń fi ọwọ́ júwe. Ẹ̀yìn rẹ̀ ni ọ̀gá wọn ti ta ilé-iṣẹ́ náà. Fíìmù parí nígbà tí òun àti awakọ̀ ṣì ń fi ayọ̀ lọ, láìmọ̀. Ogun ti ń jà nígbà yẹn. Òpìtàn tó bá fẹ́ lè rí Japan ọdún 1941 nínú bọ́ọ̀sì yẹn, èmi rí ọmọ ọdún mẹ́tàdínlógún kan tó fẹ́ràn iṣẹ́ rẹ̀ ju bí ọ̀gá rẹ̀ ṣe fẹ́ràn rẹ̀ lọ.

Ní 1950 ó ṣe ohun tí òṣèré ńlá kì í sábà ṣe nígbà náà: ó kúrò ní ilé-iṣẹ́ Shintoho, ó di òmìnira ara rẹ̀. Ohun tí èyí túmọ̀ sí hàn kedere ní 1953, nígbà tí ilé-iṣẹ́ fíìmù márùn-ún jọ fọwọ́ sí ìwé pé òṣèré ẹnì kan kò gbọ́dọ̀ ṣiṣẹ́ fún ẹlòmíràn. Nítorí pé Takamine kò sí lábẹ́ ẹnikẹ́ni, ó lè ṣiṣẹ́ pẹ̀lú Kinoshita Keisuke ní Shochiku, kó tún kọjá sọ́dọ̀ Naruse ní Toho. Ká ní kò kúrò ni, ìdajì àwọn fíìmù tí à ń sọ̀rọ̀ wọn yìí ni ìbá má ṣe.

Kinoshita ló fún un ní Carmen. Karumen kokyō ni kaeru, tó jáde ní 1951, ni fíìmù gígùn aláwọ̀ mèremère àkọ́kọ́ tí wọ́n ṣe ní Japan. Fíìmù inú kámẹ́rà tí ilé-iṣẹ́ Fuji ń ṣe nígbà yẹn ń fẹ́ ìmọ́lẹ̀ púpọ̀, nítorí náà inú oòrùn, ní ẹsẹ̀ òkè Asama, ni wọ́n ti ya púpọ̀ nínú rẹ̀, wọ́n sì tún ya ẹ̀dà aláwọ̀ dúdú àti funfun pẹ̀lú, bí ó bá ṣẹlẹ̀ pé ti aláwọ̀ kò dára. Ẹ rò ó wò: kí ènìyàn ṣe àwàdà, kó tún un ṣe, kí tàkọ́kọ́ má sì ta èkejì yọ. Carmen jẹ́ oníjó tó ń bọ́ra sílẹ̀ níwájú èrò ní Tokyo, ó sì padà sí abúlé rẹ̀ pẹ̀lú ìgbàgbọ́ pé iṣẹ́ ọnà gidi ni òun ń ṣe. Òṣèré mìíràn ì bá fi ìyẹn ṣe yẹ̀yẹ́, kó máa ṣẹ́jú sí wa. Takamine gba Carmen gbọ́. Ó ń fi ẹsẹ̀ lásán jó lórí pápá láàrin àwọn màlúù, ó ń kọrin, agbára wà nínú itan rẹ̀, kò sì tijú rárá. Bàbá rẹ̀ ń sunkún nítorí ìtìjú, síbẹ̀ a kò lè bínú sí ọmọ náà, torí pé kò sí ẹ̀tàn kankan lára rẹ̀.

Ọdún mẹ́ta péré ló wà láàrin oníjó yẹn àti olùkọ́ inú Nijūshi no hitomi, Ojú Mẹ́rìnlélógún. Fíìmù yìí ni àwọn alárìíwísí ìwé ìròyìn Kinema Junpo fi ṣe èkínní ní 1954, ọdún kan náà tí Kurosawa gbé Àwọn Samurai Méje jáde. Ní 1928, olùkọ́ Ōishi gun kẹ̀kẹ́ dé ilé ìwé kékeré kan ní erékùṣù Shōdoshima, pẹ̀lú aṣọ òyìnbó, àwọn ará abúlé sì ń wò ó bí ẹni tó fẹ́ ba àwọn ọmọ jẹ́. Ọmọ méjìlá ló wà ní kíláàsì rẹ̀. Ọjọ́ àkọ́kọ́ ó ṣí ìwé orúkọ, ó ń pè wọ́n lọ́kọ̀ọ̀kan, ó sì ń kọ orúkọ ìnagijẹ wọn sílẹ̀. Bó ṣe di kálàmù mú, bó ṣe ń gbójú sókè lẹ́yìn orúkọ kọ̀ọ̀kan kó lè fi ojú mọ ojú, ohun tí olùkọ́ tuntun máa ń ṣe gan-an nìyẹn.

Fíìmù náà rìn fún ọdún méjìdínlógún. Ọkọ rẹ̀ kú lójú ogun, ọmọbìnrin rẹ̀ já láti orí igi, ó kú. Nínú ọmọkùnrin márùn-ún tó wà ní kíláàsì yẹn, ogun pa mẹ́ta, ọ̀kan fọ́jú. Ní 1946 ó padà sí ilé ìwé yẹn, ó tún ṣí ìwé orúkọ. Àwọn ọmọ tuntun ń dáhùn, orúkọ ìdílé tí ó ti pè rí ló sì ń bọ̀ lẹ́nu rẹ̀, ti ọmọ àwọn tó kọ́, ti àbúrò àwọn tó kú. Ìpara ojú tó sọ ọ́ di àgbà kò tó nǹkan. Ẹ̀yìn rẹ̀ ló ti tẹ̀ díẹ̀, kò tún di ìwé náà mú bíi ti tẹ́lẹ̀. Ó fẹ́ parí iṣẹ́ rẹ̀, ó fẹ́ ka orúkọ dé ìsàlẹ̀, omijé kò jẹ́. Wọ́n ti sọ pé ẹkún pọ̀ jù nínú fíìmù yìí. Lójú tèmi, ọ̀pọ̀ ẹkún àwọn tó kù ló pọ̀ jù. Tirẹ̀ kò pọ̀, nítorí pé ìgbà gbogbo ni iṣẹ́ kan wà tí ẹkún náà ń dí i lọ́wọ́.

Naruse kò dà bíi Kinoshita. Kì í sọ̀rọ̀. Fíìmù mẹ́tàdínlógún ni òun àti Takamine jọ ṣe, láti 1941 dé 1966, síbẹ̀ kì í ṣàlàyé fún un bó ṣe fẹ́ kó ṣeré. Ó máa ń gé ọ̀rọ̀ ẹnu kúrò nínú ìwé eré títí yóò fi ṣẹ́ ku ìwọ̀nba. Ó sì máa ń ya gbogbo àwòrán tó bá wá láti igun kan náà pọ̀ kó tó yí kámẹ́rà padà, tó fi jẹ́ pé òṣèré lè máa dá ẹni tí kò sí níwájú rẹ̀ lóhùn. Inú irú ìnira yìí ni Ukigumo, Àwọsánmà Tó Ń Fò Kiri, ti jáde ní 1955.

Yukiko ti ṣiṣẹ́ atẹ̀wé ní Dalat, ní Indochina, nígbà ogun, ní ọ́fíìsì àwọn onígbó, ibẹ̀ ló ti bá Tomioka tó ti níyàwó yan àlè. Ogun parí, ó padà sí Tokyo tó ti di àlàpà, ó wá a lọ. Kò sí iṣẹ́, kò sí ilé, ọkùnrin náà kò sì lágbára láti fẹ́ ẹ tàbí láti fi í sílẹ̀. Nínú ìrántí Dalat, Takamine wọ aṣọ funfun, ó ń rìn bí ẹni tí ilẹ̀ gbà. Ní Tokyo, ohùn rẹ̀ ti wúwo, ó ń fa ọ̀rọ̀ nílẹ̀, ó ń bẹ̀bẹ̀ ó sì ń bú nínú gbólóhùn kan náà. Àwọn méjèèjì ń rìn ṣáá nínú fíìmù yẹn, ní òpópónà, ní ẹ̀yìn ògiri tó wó, ní ìlú omi gbígbóná. Ẹ fiyè sí i bó ṣe máa ń fi ìdajì ìgbésẹ̀ wà lẹ́yìn Mori Masayuki, bó ṣe máa ń sáré díẹ̀ láti bá a, tí yóò tún di ẹni tó wà lẹ́yìn. Obìnrin tí iṣẹ́ ti bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ sọ ìfẹ́ di iṣẹ́, ó ń ṣe é láìgba ìsinmi títí ó fi pa á ní erékùṣù Yakushima, níbi tí òjò kì í dá. Ọdún yẹn Kinema Junpo fún fíìmù náà ní ipò kìíní, wọ́n sì fún Takamine ní ipò òṣèrébìnrin tó dára jù lọ. Ọdún yẹn náà ló fẹ́ Matsuyama Zenzō, òǹkọ̀wé eré.

Nagareru, ti 1956, kó àwọn ọ̀gá jọ sínú ilé geisha kan, ilé àwọn obìnrin tó ń fi orin àti ijó dá àlejò lárayá, tó ń kú lọ: Yamada Isuzu, Tanaka Kinuyo, Sugimura Haruko. Takamine ṣe ọmọ ìyá onílé, ẹni tó ti gbìyànjú iṣẹ́ náà, tó rí i pé kò bá òun lára mu. Ó ra ẹ̀rọ ìránṣọ. Ní ìparí, ìyá rẹ̀ ń ta shamisen, ohun èlò orin olókùn, nísàlẹ̀, òun ń ránṣọ lókè, ìró méjèèjì ń dàpọ̀, wọ́n kò sì mọ̀ pé ẹni tó ra ilé náà kò ní jẹ́ kí wọ́n pẹ́ níbẹ̀. Láàrin àwọn obìnrin tó mọ bí a ṣe ń wà ní àárín àwòrán, Takamine yan ẹ̀gbẹ́ kan jókòó, ó sì ń ránṣọ. Kò jà fún ojú wa. Èyí wà lára ohun tí mo fẹ́ràn jù nínú gbogbo iṣẹ́ rẹ̀.

Ọkọ rẹ̀ ló kọ ìwé eré Midareru, tó jáde ní 1964, tó sì gba ẹ̀bùn òṣèrébìnrin tó dára jù lọ fún un níbi àjọ̀dún fíìmù Locarno. Reiko jẹ́ opó ogun ní ìlú Shimizu. Bọ́ǹbù jó ṣọ́ọ̀bù ìdílé ọkọ rẹ̀, ó tún un kọ́, ó sì bójú tó o fún ọdún méjìdínlógún. Súpámákẹ́ẹ̀tì wá ṣí nítòsí, ó ń ta ẹyin ní ọ̀pọ̀, àwọn ará ilé ọkọ sì ń wá bí wọn yóò ṣe rọra yọ ọ́ kúrò. Àárín gbogbo èyí ni Kōji, àbúrò ọkọ rẹ̀, ọmọ tó bá nílé ní kékeré, wá sọ fún un pé òun nífẹ̀ẹ́ rẹ̀. Kò sí ẹbí tó ní kó ṣú u lópó. Ọ̀rọ̀ àárín àwọn méjèèjì ni, ìtìjú rẹ̀ sì le. Láti ìṣẹ́jú yẹn, ọwọ́ Reiko kò mọ ibi tó lè wà mọ́. Obìnrin tí ọwọ́ rẹ̀ mọ ibi gbogbo ọjà wá ń gbé nǹkan tó ti gbé tẹ́lẹ̀, ó ń yẹra láti kọjá nínú ọ̀dẹ̀dẹ̀ tó ti ń gbà láti ọ̀pọ̀ ọdún wá.

Ó pinnu láti padà sílé bàbá rẹ̀ lókè àríwá. Kōji wọ ọkọ̀ ojú irin kan náà. Ọkọ̀ kún, ó jókòó jìnnà. Bí èrò ṣe ń sọ̀ kalẹ̀ ó ń sún mọ́ ọn díẹ̀díẹ̀, wọ́n ń rẹ́rìn-ín síra wọn láti òkèèrè, wọ́n jẹ ọsàn. Ọ̀rọ̀ ò pọ̀ níbẹ̀. Takamine jẹ́ kí ara rẹ̀ tú sílẹ̀ ní ìwọ̀n bíńtín, ìbùdókọ̀ sí ìbùdókọ̀, títí tí a fi rí i pé obìnrin yìí kò tíì rẹ́rìn-ín bẹ́ẹ̀ láti ìgbà tí fíìmù ti bẹ̀rẹ̀. Lẹ́yìn náà Kōji sùn lọ níwájú rẹ̀, Reiko ń wò ó, omi sì ń jáde lójú rẹ̀. Ní ìlú omi gbígbóná níbi tí wọ́n ti sọ̀ kalẹ̀, ó fi okùn bébà so ìka ọ̀dọ́kùnrin náà bí òrùka. Àmọ́ kò lè gbà á. Lọ́jọ́ kejì, láti ojú fèrèsé, ó rí i tí wọ́n gbé òkú kan kọjá, òrùka bébà wà ní ìka.

Ó sáré. Kimono, bàtà, òpópónà tóóró, kò lè bá wọn. Ó dúró. Kámẹ́rà wo ojú rẹ̀, Naruse sì gé e síbẹ̀. Mo ti wo ojú yẹn léraléra láti mọ ohun tó ṣe. Kò ṣe púpọ̀: ó ń mí, irun ti tú, ojú ń lọ síwájú nígbà tí ara ti dúró. Fún ọdún méjìdínlógún Reiko mọ ohun tó kàn láti ṣe. Ní àwòrán yẹn, kò sí ohun kankan tó kàn.

Mo ti fo ọ̀pọ̀ kọjá. Ìyá ọkọ inú fíìmù tí Masumura darí ní 1967 nípa oníṣègùn Hanaoka Seishū wà níbẹ̀, tó ń bá ìyàwó ọmọ rẹ̀ du ẹni tí yóò kọ́kọ́ gbé oògùn mì, pẹ̀lú ẹ̀rín tó tutù bí omi yìnyín. Arúgbó inú fíìmù Fuefukigawa wà níbẹ̀ pẹ̀lú. Ní 1976 ó kọ ìtàn iṣẹ́ ara rẹ̀, ọmọ tí kò rí ilé ìwé lọ déédéé sì gba ẹ̀bùn ẹgbẹ́ àwọn òǹkọ̀wé àròkọ Japan. Ó ròyìn níbẹ̀ pé Naruse fẹ́ kí àwọn jọ ṣe fíìmù kan tí kò ní sí ilé, kò ní sí àwọ̀, aṣọ funfun nìkan lẹ́yìn rẹ̀. Naruse kú ní 1969, wọn kò ṣe é. Fíìmù tirẹ̀ tó kẹ́yìn jáde ní 1979, Kinoshita ló darí rẹ̀. Takamine kú ní oṣù kejìlá ọdún 2010, lẹ́ni ọdún mẹ́rìndínláàádọ́rùn-ún.

Bí ẹnì kan bá bi mí ibi tó yẹ kó ti bẹ̀rẹ̀, n kò ní sọ pé Ukigumo, bó tilẹ̀ jẹ́ pé òun ni gbogbo ayé ń pè ní olórí. Arakure ni mo máa ní kó wò, ti 1957, tí wọn kì í fi bẹ́ẹ̀ dárúkọ. Oshima inú rẹ̀ ń jà. Ó ń ti ọ̀dọ̀ ọkùnrin kan bọ́ sọ́dọ̀ èkejì, ó ń ránṣọ, ó dá ṣọ́ọ̀bù télọ̀ sílẹ̀, ó gun kẹ̀kẹ́ kiri láti polówó rẹ̀, ó sì fi omi rọ́bà fín ọkọ tó ń ṣọ̀lẹ. Ẹni tó bá kọ́kọ́ rí agbára yẹn lápá rẹ̀ yóò mọ iye tó ń dì mọ́ra nígbà tó bá jókòó jẹ́ẹ́ nínú àwọn fíìmù yòókù.